Lẹ́tà Tí Kò Ní Eré Nínú

Hong Kong,
Ọjọ́ kẹrin oṣù Kẹfà.

Bàbá mi, Ìyá mi,

Mo forí kan ẹsẹ̀ yín láti orí àjà kẹrìnlá ilé onílé. Ara mi le. Ìyá àgbà tí mo ń tọ́jú ṣì wà láyé. Kò gbọ́ èdè mi, èmi náà kò gbọ́ tirẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n bí òùngbẹ bá ń gbẹ ẹ́, mo ti ń mọ̀ kó tó la ẹnu.

Bàbá, lẹ́tà yín tó kẹ́yìn fẹ́rẹ̀ẹ́ dá wàhálà sílẹ̀. Ẹ rántí pé mo sọ fún yín pé lọ́jọọjọ́ Sọ́ńdè, àwa obìnrin ilẹ̀ wa, ti Bangkok àti ti abúlé, tó ń ṣiṣẹ́ ọmọ ọ̀dọ̀ níbí máa ń pàdé nínú ọgbà kan láti jẹun. Wọ́n ti mọ̀ yín báyìí. Bí mo bá ti dé, wọ́n á ní, "Prayong, kí ni bàbá rẹ tún wí?" Èmi á gun bẹ́ǹṣì, màá kà á sókè. Ní ọjọ́ tí mo ka èyí tí ẹ ti ń ṣe iṣẹ́ ẹ̀fẹ̀ yín níbi ìsìnkú, tí ẹ ń bá òkú ìyá olórí abúlé sọ̀rọ̀, tí ẹ bi í lẹ́ẹ̀mẹta pé ṣé ẹ rẹwà, tí ẹ ní ẹni tó bá dákẹ́ ti gbà, ọlọ́pàá wá wo ohun tó ń ṣe wá.

Ṣùgbọ́n bí mo bá sọ̀kalẹ̀ lórí bẹ́ǹṣì, tí mo bi ara mi pé ìròyìn ilé dà, n kì í rí kankan. Ojú ewé mẹ́rin lẹ kọ, ẹ ò sọ bóyá inú Ìyá tó ń wú ti rọ̀. Ṣé wọ́n ti dé ọsibítù? Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ fi ìlà mẹ́ta péré sọ ìyẹn fún mi, kí ẹ tó máa ṣe tiyín lọ.

Kí Ìyá bá mi gún ata pẹ̀lú edé gbígbẹ, kí wọ́n dì í dáadáa. Kí wọ́n má sì gbàgbé ẹja tí wọ́n máa ń fi imọ̀ ọ̀pẹ hun fún mi. Mo ti ní mọ́kàndínlógún lórí okùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi. Ìparí oṣù Kejìlá ni ìwé iṣẹ́ mi máa tán. Ẹ kí àbúrò yín, Àǹtí Riam.

Ọmọ yín,
Prayong.


Abúlé Tanot,
Ogúnjọ́ oṣù Kẹfà.

Sawidat, Prayong ọmọ mi,

Má bínú, "sawatdi" ni mo fẹ́ fi kí ọ, ìparí rẹ̀ ni mo yí sódì. Ọ̀nà jìn láti ibí dé ọ̀dọ̀ rẹ. Bí ìkíni bá jókòó sójú kan nínú àpòòwé láti ibí dé ibẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ á kú.

Ìyá rẹ jókòó tì mí, ó ń hun agbọ̀n. Ó ní kí n kọ́kọ́ dá ọ lóhùn kí n tó máa ṣe wèrè. Ó dáa. A lọ sí ọsibítù ìgboro. Dókítà tẹ inú rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ó kọ oògùn fún un, ó ní ká máa padà wá. Ìlà mẹ́ta tí o béèrè nìyẹn.

Nọ́ọ̀sì bi mí pé kí ló ń ṣe ìyàwó mi. Mo ní kò sí nǹkan tó ń ṣe é ju pé ó "sùái" lọ, ó lẹ́wà jù. Ìyá rẹ ní ohùn mi já sílẹ̀ nígbà tí mo sọ ọ́, pé "suai" lòun gbọ́, olóríburúkú, àti pé òótọ́ ni, láti ọjọ́ tóun ti fẹ́ mi ló ti bẹ̀rẹ̀. Gbogbo àwọn tó wà lórí ìjókòó rẹ́rìn-ín. Ọgbọ̀n ọdún ni mo ti fi ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín níbi òkú, òun fi gbólóhùn kan gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ mi níbi aláìsàn.

Àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tí a jọ ń kọrin ẹ̀fẹ̀ níbi òkú ṣì ń jáde. Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá a jókòó níwájú òkú ọlọ́jà ẹlẹ́dẹ̀ kan, abẹ̀bẹ̀ lọ́wọ́ wa bíi ti àwọn àlùfáà. Plaek kọ orin àdúrà tòótọ́, èmi kọ ọ́ bí ará Ṣáínà tó ń polówó ẹran. Ìyàwó olóògbé náà rẹ́rìn-ín títí ó fi di àyà mú. Ó wá kí mi lẹ́yìn náà, ó ní láti ọjọ́ mẹ́ta òun kò mọ̀ pé ẹnu òun ṣì lè ṣí.

Ìyá rẹ ní o kò gbọdọ̀ fi iṣẹ́ sílẹ̀ nítorí inú wíwú. Ó ní kí n kọ ọ́ báyìí: "Parí ohun tí o bẹ̀rẹ̀." Ẹja rẹ nìyí, ó mú un ní àárọ̀ yìí pẹ̀lú imọ̀ ọ̀pẹ tútù. Ata ń bọ̀ lọ́wọ́ ọmọ Àǹtí Chit tó máa wá sí Hong Kong ní oṣù Kẹsàn-án.

Èmi ni bàbá rẹ,
Chaluai.


Abúlé Tanot,
Ọjọ́ kẹrìnlélógún oṣù Keje.

Prayong ọmọ mi,

Ó pẹ́ tí mo kọ̀wé. Máa kà á sí mi lọ́rùn, má kà á sí ìyá rẹ lọ́rùn.

Oṣù òjò tí àwọn àlùfáà kì í jáde ti bẹ̀rẹ̀. Ìyá rẹ ti kúrò nílé. Ó ti kó lọ sí tẹ́ńpìlì. Ó ń sùn láti òwúrọ̀ dé alẹ́, kò hun agbọ̀n mọ́, kò sì bá mi jà mọ́. Mo lọ ń wò ó lójoojúmọ́, mo ń sọ gbogbo àbùkù ara mi fún un, kò wí nǹkan kan. Ìwọ náà mọ̀ pé kò sí ìgbà tí irú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ rí.

Bí àwọn èèyàn bá bi mí pé ibo ló wà, mo máa ń sọ fún wọn pé ó wà "kilai", lọ́nà jíjìn. Bí wọ́n bá sì ti ń káàánú mi, mo máa ń fi àmì sórí rẹ̀, màá ní "kiláì" ni mo wí, nítòsí. Méjèèjì jẹ́ òótọ́. Ìwọ yan èyí tó wù ọ́ nínú wọn, ohùn ló yàtọ̀.

Ilé tóbi. Ológbò náà ti yí ibi tó ń sùn pa dà. Riam ń gbé oúnjẹ wá fún mi.

Jẹun dáadáa. Má ṣe ro nǹkan kan títí o máa fi parí iṣẹ́ rẹ.

Chaluai.


Hong Kong,
Ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kẹjọ.

Bàbá mi,

Ẹ kú ìdágbé. Ẹ̀rín pa mí, àánú yín sì tún ṣe mí. Kí lẹ ṣe fún Ìyá tó fi di pé ó wọ aṣọ funfun, tó lọ bá àwọn arúgbó tó ń gba ààwẹ̀ ní tẹ́ńpìlì? Mo mọ̀ pé ẹ ti bú ìyá rẹ̀ nínú orin níbì kan. Ẹ lọ bẹ̀ ẹ́. Kí ẹ sì bẹ̀ ẹ́ tààrà, ẹ má bẹ̀ ẹ́ bí ará Ṣáínà.

Mo ka lẹ́tà náà lórí bẹ́ǹṣì lọ́jọ́ Sọ́ńdè. Nígbà tí mo dé ibi "kò wí nǹkan kan," wọ́n ti ń gbá ara wọn lẹ́yìn. Nígbà tí mo dé ibi "kilai" àti "kiláì", Bunruean láti Roi Et ní ọkọ tòun náà wà lọ́nà jíjìn bẹ́ẹ̀, kìlómítà méjì sí ilé òun, nílé ìyàwó kékeré. A ju ogójì lọ lọ́jọ́ náà. Wọ́n ní kí n tún un kà, mo sì tún un kà.

Mo ti ra bùláòsì funfun kan fún Ìyá, owú dáadáa ni, kó máa wọ̀ ọ́ ní tẹ́ńpìlì. Ó wà nínú ẹrù yìí. Ẹ sọ fún un pé inú mi dùn pé ó ń sinmi. Láti ìgbà tí mo ti dáyé n kò rí i kó sinmi rí.

Ẹja kò sí nínú àpòòwé yín o. Ṣé bó ṣe ń bá yín jà ló fi ń bá èmi náà jà?

Prayong.


Abúlé Tanot,
Ọgbọ̀njọ́ oṣù Kẹjọ.

Prayong ọmọ mi,

Bùláòsì náà dé láìdọ̀tí. Mo gbé e lọ fún un lọ́jọ́ náà gan-an. Ó bá a mu. Kò ráhùn.

Ẹja rẹ nìyí. Bí ó bá dà bí ọ̀pọ̀lọ́, mọ̀ pé omi odò wa ti dọ̀tí lọ́dún yìí, ẹja kò rí ara wọn dáadáa mọ́. Omi ń ga. Ó ti dé ìpele kẹta àtẹ̀gùn etí odò. Àwọn àgbà ní ó máa ju ti ọdún tó kọjá lọ.

Mi ò ní ọ̀rọ̀ púpọ̀ lónìí. Ọwọ́ ń dùn mí.

Chaluai.


Hong Kong,
Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Kẹsàn-án.

Bàbá,

Mo kí yín.

Mo gbé ẹja tí ẹ fi ránṣẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ogún tí mo ní tẹ́lẹ̀. Ìyá ló kọ́ mi ní híhun rẹ̀ nígbà tí mo wà ní ọmọ ọdún mẹ́fà. Òun máa ń ká imọ̀ náà sínú kó tó ṣẹ́ ìrù. Ẹni tó hun èyí ká a síta, ó sì ti já a lẹ́ẹ̀mejì, ó fi òwú so ó. Inú òwú náà ni mo ti rí ìdáhùn. Òwú ìránṣọ tí ẹ máa ń fi so abẹ̀bẹ̀ yín ni.

Mo tún lọ ka lẹ́tà oṣù Keje. Mo jókòó kà á nínú yàrá ìdáná, kì í ṣe lórí bẹ́ǹṣì.

Ọmọ Àǹtí Chit dé níjẹta. Ó gbé ata wá. Mo bi í pé báwo ni Ìyá. Ó wo ilẹ̀, ó ní, "Bàbá rẹ ní òun ló máa bá ọ sọ̀rọ̀." N kò bi í mọ́. Ìyá àgbà ń pè mí látinú yàrá, mo lọ tún ìrọ̀rí rẹ̀ ṣe.

Bàbá, láti kékeré mi, bí mo bá bi yín ní nǹkan, ẹ̀rín lẹ máa ń fún mi. Nígbà tí ilé wa jóná, ẹ ní ẹ kò fẹ́ràn ọ̀dà rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Nígbà tí ọmọ inú Ìyá kú, ẹ ní ó gbọ́ ohùn yín látinú, ó yí pa dà. Mo rẹ́rìn-ín nígbà náà nítorí pé ọmọdé ni mí. Ẹ kọ lẹ́tà kan sí mi tí kò ní eré nínú. Ẹyọ kan. Ibo ni ìyá mi wà?

Prayong.


Abúlé Tanot,
Ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹsàn-án.

Prayong,

Ìyá rẹ ti kú. Ọjọ́ kẹfà oṣù Keje ló kú, ní àárọ̀.

Ẹ̀dọ̀ rẹ̀ ló bàjẹ́. Ọjọ́ tí a kọ́kọ́ lọ sí ọsibítù ni dókítà ti pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní kò sí ohun tí wọ́n lè ṣe. N kò sọ fún un, ṣùgbọ́n ó mọ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ náà ó ní kí n lọ rẹ ọparun tí òun fẹ́ fi hun agbọ̀n sínú odò. Nígbà tí mo gòkè dé, ó fẹ̀yìn ti òpó ọ̀dẹ̀dẹ̀, ojú rẹ̀ là sí ọ̀nà odò. Mo bá a sọ̀rọ̀ díẹ̀ kí n tó mọ̀.

Ó ti ní kí n má sọ fún ọ títí wàá fi parí iṣẹ́ rẹ. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n n kò ní fi ara pamọ́ sẹ́yìn rẹ̀. Mo jókòó ti bébà ní ọjọ́ mẹ́jọ kí n tó kọ lẹ́tà oṣù Keje yẹn. Mo fẹ́ kọ ọ́. Mo kọ orúkọ rẹ̀, Samniang, mo sì dúró. Ohun tó wá sọ́wọ́ mi lẹ́yìn náà ni eré. Ó rọrùn. Mo ní bóyá ó máa yé ọ fúnra rẹ, kí n má bàa jẹ́ ẹni tó sọ ọ́. Ojo ni mí, Prayong.

O lè gbọ́ lẹ́nu ẹlòmíràn pé mo ṣe ẹ̀fẹ̀ níbi òkú rẹ̀, nítorí náà jẹ́ kí n sọ bó ṣe jẹ́. Òun ló ní n kò gbọdọ̀ jẹ́ kí ẹnikẹ́ni jókòó sí àyè mi nígbà tirẹ̀, ó ní àwọn tó kù kò mọ̀ ọ́n ṣe. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì àwa mẹ́rin jókòó. Plaek bẹ̀rẹ̀ orin. Nígbà tó kàn mí, mo kọjú sí àpótí, mo bi í bí mo ṣe máa ń bi gbogbo òkú, "Ṣé mo rẹwà?" Àwọn èèyàn ti ń rẹ́rìn-ín. Ó dákẹ́. Mo tún bi í. Mo sunkún. Wọ́n rò pé ara iṣẹ́ ni. Bí mo ṣe ń sunkún ni ẹ̀rín ń pọ̀ sí i, Plaek gan-an ń lu itan. N kò rí bí mo ṣe máa sọ fún wọn pé ẹkún tòótọ́ ni, nítorí pé ohunkóhun tí mo bá sọ, wọ́n á rẹ́rìn-ín sí i. Riam ló dìde láàárín àwọn obìnrin, ó wá gba abẹ̀bẹ̀ lọ́wọ́ mi, ó ní, "Ó tó, ẹ̀gbọ́n." Ìgbà yẹn ni gbogbo wọn dákẹ́.

A kò tíì sun òkú rẹ̀. Mo ní kí wọ́n tọ́jú àpótí rẹ̀ sí ilé òkú tẹ́ńpìlì títí wàá fi dé ní oṣù Kejìlá. Mo ṣí àpótí nígbà tí bùláòsì rẹ dé, mo tẹ́ ẹ lé e láyà. Ṣùgbọ́n omi ti gba ọ̀nà tẹ́ńpìlì báyìí. Ilé òkú náà wà nílẹ̀ pẹrẹsẹ. Ọ̀gá àlùfáà ní bí omi bá wọlé, àwọn àpótí máa léfòó, ká sun ún kó tó di bẹ́ẹ̀. Mo ní kó jẹ́ kí n gbọ́ tẹnu rẹ ná. Tètè fún mi lésì.

Bàbá rẹ.


Hong Kong,
Ọjọ́ kẹjọ oṣù Kẹwàá.

Bàbá,

Lẹ́tà yín wọlé ní àárọ̀ yìí. N kò kí yín, ẹ má bínú.

Ẹ mọ ohun tí ẹ fi mí ṣe? Mo dúró lórí bẹ́ǹṣì, mo fi ikú ìyá mi pa ogójì obìnrin lẹ́rìn-ín. Wọ́n ní kí n tún un kà, mo tún un kà, mo tilẹ̀ ń fara ṣàpèjúwe. Èmi náà ń rẹ́rìn-ín. Ọjọ́ kẹtàlélọ́gbọ̀n tí ó kú nìyẹn. Ẹ ní ojo ni yín. Ẹni tó bá jẹ́ ojo a máa dákẹ́. Ẹ̀yin kò dákẹ́.

Ẹ má sun ún. Mo wólẹ̀ bẹ ọ̀gá mi obìnrin, ó gbà kí n lọ, ṣùgbọ́n ó ní kí n dúró kí ẹni tó máa gbaṣẹ́ lọ́wọ́ mi dé ní ọjọ́ kẹwàá oṣù tó ń bọ̀. Ẹ gbé e sórí ohunkóhun tó bá ga. Ẹ so ó mọ́ àjà bó bá gbà bẹ́ẹ̀. Mo fẹ́ rí i kí n sì bu omi sí i lọ́wọ́ bí a ṣe ń fi dágbére fún òkú. Gbogbo yín lẹ bu omi sí i lọ́wọ́ àfi èmi tó bí.

Ẹ dúró dè mí. Ohun kan ṣoṣo tí mo máa tọrọ lọ́wọ́ yín nìyí.

Prayong.


Abúlé Tanot,
Ọjọ́ kọkànlá oṣù Kẹwàá.

Prayong,

N kò tíì rí èsì rẹ. Ọkọ̀ lẹ́tà kò rọ́nà wọlé láti ọjọ́ mẹ́sàn-án, ọkọ̀ ojú omi ni Plaek máa fi gbé èyí lọ sí ìgboro.

Àná la sun ìyá rẹ.

Omi wọ ilé òkú ní ọjọ́ kẹsàn-án. Mo gbé àpótí náà lé tábìlì. Nígbà tó di àárọ̀, omi ti dé tábìlì náà, àpótí ẹnì kan ti ṣí kúrò láyè rẹ̀, ó ń lu ògiri. Ọ̀gá àlùfáà ní òun kò lè fi ojú wo irú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì. Ibi tí wọ́n ti ń sun òkú ní tẹ́ńpìlì ga, ìpele àtẹ̀gùn méjì péré ló kù lókè omi. Èmi, Plaek, Riam àti ọ̀gá àlùfáà la fi ọkọ̀ kékeré gbé e débẹ̀. Kò sí ẹlòmíràn. Gbogbo abúlé ń kó ìrẹsì wọn sókè àjà.

Igi tó wà ní tẹ́ńpìlì ti tutù, kò gbaná. Mo wa ọkọ̀ pa dà sílé, mo tú pákó ọ̀dẹ̀dẹ̀ níbi tó máa ń jókòó hun agbọ̀n. Pákó náà gbẹ nítorí pé ó wà lókè omi, ó sì ti gbó. Ó jó dáadáa. Ọ̀gá àlùfáà ka àdúrà kúkúrú. Kò sẹ́ni tó kọrin. Bùláòsì rẹ wà lára rẹ̀.

Mo ṣa egungun rẹ̀ ní àárọ̀ yìí, mo fi omi òdòdó fọ̀ ọ́, ó wà nínú ìkòkò funfun lókè àpótí aṣọ. Bí o bá ti sọ nínú lẹ́tà rẹ pé kí n dúró, mọ̀ pé mo dúró títí omi fi dé àyà mi.

Bàbá rẹ.


Hong Kong,
Ọjọ́ kejì oṣù Kọkànlá.

Bàbá,

Mo ti rí i. Ẹ ṣeun tí ẹ sọ ọ́ bó ṣe rí.

N kò wá mọ́. Mo sọ fún ọ̀gá mi pé kó má mú ẹlòmíràn wá, mo sì ti sọ fún un pé màá fọwọ́ sí ìwé ọdún méjì mìíràn. Ìyá àgbà kò lè dìde mọ́. Ní àràárọ̀ mo máa ń bu omi sí i lọ́wọ́, mo ń fi aṣọ nù ún, ó ń wò mí. Ìyá ẹlòmíràn ni, ṣùgbọ́n ó wà láàyè.

Ní Sọ́ńdè, wọ́n bi mí pé kí ni bàbá mi wí. Mo jókòó, mo ka lẹ́tà yín méjèèjì fún wọn, ti ikú àti ti iná. Bunruean ló gba bébà náà lọ́wọ́ mi nígbà tí n kò lè kà mọ́, ó kà á parí. Lẹ́yìn náà, ó ní kí n jọ̀ọ́ dárí jì wọ́n. Wọn kò ṣẹ̀ mí.

Ẹ fi ìkòkò náà sílẹ̀ níbi tó wà. Ẹ má kọ̀wé fún ìgbà díẹ̀.

Prayong.


Abúlé Tanot,
Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Kọkànlá.

Prayong ọmọ mi,

O ní kí n má kọ̀wé. Mo ń kọ̀wé. Bí o bá fẹ́, má kà á.

Omi ti lọ. Ẹrẹ̀ wà níbi gbogbo. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ kò ní pákó mọ́, pákó kan ṣoṣo ni mo tẹ́ láti ẹnu ọ̀nà dé orí àkàbà, orí rẹ̀ ni mò ń gbà.

Wọ́n wá pè wá fún òkú kan lẹ́yìn odò ní ọjọ́ mélòó kan sẹ́yìn. Mo lọ. O ní kí n máa sọ òótọ́, òótọ́ rẹ̀ nìyẹn, mo lọ, mo jókòó sí àyè mi, mo sì ṣe é dáadáa. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ọmọ olóòkú náà kí mi, ó di ọwọ́ mi mú. Nígbà tí mo délé, mo jókòó sétí ibùsùn, mo ń dúró. Ó pẹ́ kí n tó mọ ohun tí mo ń dúró dè. Láti ọjọ́ tí mo ti ń ṣe iṣẹ́ yìí, bí mo bá ti wọlé, ìyá rẹ ló máa ń sọ fún mi èyí tó dùn àti èyí tí kò dùn. Ó máa ń ní, "Èyí tí o sọ nípa ọmọ náà kò dáa, má tún un sọ." Báyìí n kò mọ èyí tí kò dáa mọ́. Mo lè máa sọ nǹkan burúkú kiri láìmọ̀. Mo ti sọ ọ́ sí ìwọ.

Láyé mi, n kò tọrọ nǹkan lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni láìkọ́kọ́ pa á lẹ́rìn-ín. Bí mo ṣe fẹ́ ìyá rẹ nìyẹn. N kò mọ ọ̀nà mìíràn, nítorí náà bí èyí bá rí ṣákálá, fara mọ́ ọn.

Wá sílé. Ẹ̀rù ilé yìí ń bà mí. Mo ti di ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gọ́ta, mo sì mọ̀ pé o ní iṣẹ́, mo mọ̀ pé inú ń bí ọ, mo mọ̀ pé mo jẹ̀bi. Má dárí jì mí tí kò bá tọ́ sí mi. Ṣùgbọ́n wá.

Bàbá rẹ,
Chaluai.


Hong Kong,
Ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù Kọkànlá.

Bàbá mi,

Mo forí kan ẹsẹ̀ yín.

N kò tíì fọwọ́ sí ìwé náà. Ó wà lórí tábìlì ọ̀gá mi láti ìgbà tí mo ti kọ̀wé sí yín, mò ń kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Lánàá mo ní kó fún ẹlòmíràn. Àbúrò Bunruean ló máa gba àyè mi, ó lọ́wọ́ jẹ́jẹ́. Mo ti mú un lọ rí ìyá àgbà, mo fi bí wọ́n ṣe ń yí i pa dà hàn án.

Ọjọ́ kejìlélógún oṣù Kejìlá ni màá dé Bangkok. Màá wọ bọ́ọ̀sì wá, ẹ má wá pàdé mi ní títì. Ẹ wá pákó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà kí n tó dé, kí ẹsẹ̀ yín má bàa yọ̀.

Inú ṣì ń bí mi. N kò mọ ohun tí màá sọ fún yín tí mo bá wọlé. Ó lè jẹ́ pé n kò ní sọ nǹkan kan ní ọjọ́ kìíní, tàbí ní ọ̀sẹ̀ kìíní pàápàá. Ẹ má gbìyànjú láti pa mí lẹ́rìn-ín. Ẹ kàn jókòó, èmi náà á jókòó.

Prayong.